Ilẹ̀ Tí Owó Ẹyọ Ti Wá: Bí Abẹ́rẹ́ Ti Kéré Tó, Kì í Ṣe Mímì fún Adìẹ

Ẹ̀yin ìyá pàápàá, ẹ fara balẹ̀ kà á, nítorí pé ọ̀rọ̀ ọjà ni a ó fi bẹ̀rẹ̀. Gbogbo wa ni a ti gbọ́ nípa owó ẹyọ tí àwọn ìyá ńlá wa fi ń ná ọjà kí ṣílè àti kọ́bọ̀ tó dé. Ogójì ẹyọ ni wọ́n ń sín sí okùn kan, 20,000 ẹyọ ni wọ́n sì ń pè ní ọ̀kẹ́ kan. Ṣùgbọ́n bí a bá bèèrè ibi tí owó yìí ti wá, ọ̀pọ̀ ènìyàn yóò dáhùn pé inú òkun Èkó ni. Kò rí bẹ́ẹ̀ rárá. Ẹyọ kékeré funfun tí a fi ń náwó kì í gbé inú òkun ẹ̀gbẹ́ ọ̀dọ̀ wa. Òkun Íńdíà ni ọkọ̀ ti ń kó o wá, ibi tí ó sì ti pọ̀ jùlọ ni àwọn erékùṣù kan tí a ń pè ní Màldífù, ní gúúsù ìwọ̀-oòrùn ilẹ̀ Íńdíà. Ilẹ̀ Mùsùlùmí ni. Ìtàn rẹ̀ ni a fẹ́ sọ lónìí, nítorí pé ẹ̀kọ́ wà nínú rẹ̀ fún ẹnikẹ́ni tí ó bá rò pé ẹni kékeré kò lè dá dúró.

Erékùṣù bíi 1,190 ni ó wà ní Màldífù, ṣùgbọ́n nínú bíi 200 péré ni àwọn ọmọ ilẹ̀ náà ń gbé. Bí ènìyàn bá dúró sáàárín ọ̀pọ̀ nínú wọn, òkun ni yóò máa rí lọ́tùn-ún lósì. Ilẹ̀ wọn kò gba oko ìrẹsì. Ẹja, àgbọn àti ẹyọ ni ọrọ̀ wọn láyé àtijọ́. Wọn a ju imọ̀ àgbọn sí etí omi kí ẹyọ lè lẹ̀ mọ́ ọn. Nígbà tí wọ́n bá fà á sókè, wọn a da ẹyọ sínú kòtò títí ẹran inú rẹ̀ yóò fi jẹrà, wọn a sì fọ̀ ọ́ mọ́. Àwọn obìnrin a máa fi háhá èèpo àgbọn ṣe okùn líle tí a fi ń so pákó ọkọ̀ pọ̀. Ẹyọ yìí ni wọ́n ń kó lọ sí ilẹ̀ Bẹ́ngálì láti fi ra ìrẹsì tí wọn yóò jẹ.

Ní ọdún 1153 ni ọba wọn gba ẹ̀sìn Ìsìláàmù, àwọn ènìyàn rẹ̀ sì tẹ̀ lé e. Ní nǹkan bí 190 ọdún lẹ́yìn náà ni Ibn Battuta, arìnrìn-àjò ọmọ ilẹ̀ Mòrókò, dé ibẹ̀, tí wọ́n sì fi í ṣe alùkáálì. Ohun ìyanu tí ó rí ni pé obìnrin ni ó ń jọba lórí wọn, Khadija ọmọ Ọba Umar. Orúkọ obìnrin yìí ni lẹ́mọ́ọ̀mù fi ń ṣe àdúà nínú hútúbà ọjọ́ Jímọ̀. Ìwé ìtàn wọn sọ pé lẹ́ẹ̀mejì ni wọ́n gba ìtẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, lẹ́ẹ̀mejì ni ó sì gbà á padà.

Ibn Battuta kò ṣàì kíyè sí ọ̀rọ̀ owó. Ó ní ní Màldífù, 400,000 ẹyọ ni dínárì wúrà kan, nígbà mìíràn a tilẹ̀ tó 1,200,000. Ṣùgbọ́n nígbà tí ó dé ilẹ̀ Málì, ní Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà tiwa níhìn-ín, 1,150 péré ni dínárì kan. Ẹ̀yin ìyálọ́jà, ẹ ṣírò èrè náà wò!

Èrè tó tó bẹ́ẹ̀ kò lè fara sin. Ní ọdún 1558 àwọn Pọtogí gba Malé tí í ṣe olú ìlú, wọ́n pa ọba, wọ́n sì fi ipá jọba fún ọdún 15. Ọkùnrin kan láti erékùṣù Utheemu, Muhammad Thakurufaanu, pẹ̀lú àwọn arákùnrin rẹ̀ méjì, kọ̀ jálẹ̀. Wọn kò ní ọmọ ogun púpọ̀. Ọkọ̀ ìgbòkun kan ni wọ́n kàn, òru ni wọ́n sì fi ń jà. Kí ilẹ̀ tó mọ́, wọn a ti padà sójú òkun. Ní ọdún 1573 wọ́n lé àwọn Pọtogí jáde. Títí di òní, ọjọ́ kìíní oṣù Rabiul-Awwal ni wọ́n fi ń ṣe àjọ̀dún ìṣẹ́gun náà.

Síbẹ̀ òwò ẹyọ kò dáwọ́ dúró. Ọkọ̀ àwọn ará Họ́láńdì àti ti Gẹ̀ẹ́sì ń kó o lọ sí Yúróòpù, láti ibẹ̀ ni wọ́n sì ti ń gbé e wá sí etí òkun wa. Ó dunni láti sọ pé ọmọ ènìyàn ni wọ́n fi púpọ̀ nínú rẹ̀ rà. Ẹyọ tí ìdílé kan fọ̀ ní erékùṣù láti fi ra ìrẹsì fún ọmọ wọn ni wọ́n fi ra ọmọ ìyá mìíràn ní Àjùdá àti ní Èkó.

Lẹ́yìn ọdún 1840, àwọn oníṣòwò Jámánì bẹ̀rẹ̀ sí kó irú ẹyọ mìíràn tí ó tóbi jù wá láti Zanzibar. Ó pọ̀ títí owó náà kò fi níyì mọ́. Ọjà Malé ní tirẹ̀ bọ́ sọ́wọ́ àwọn oníṣòwò Bórà láti Íńdíà, ìjà sì dé sáàárín wọn àti àwọn ará ìlú. Ìjọba Gẹ̀ẹ́sì tí ó wà ní Sẹ́ílọ́nì, èyí tí í ṣe Siri Láńkà lónìí, rí àyè wọlé. Ní ọjọ́ 16 oṣù Disẹ́ḿbà ọdún 1887, ọba fọwọ́ sí ìwé ààbò. Ọ̀rọ̀ ‘ààbò’ yìí kò ṣàjèjì sí ilẹ̀ tiwa náà. Gẹ̀ẹ́sì mú ọ̀rọ̀ ogun àti ọ̀rọ̀ ilẹ̀ òkèèrè, ọba sì mú ìjọba ilé àti ẹ̀sìn dání. Ẹ kíyè sí èyí dáadáa: ilẹ̀ náà kò lágbára láti kọ ohun gbogbo, ṣùgbọ́n ó mọ ohun tí kò gbọdọ̀ fi sílẹ̀.

Bẹ́ẹ̀ náà sì ni ẹni tí ó ní kọ́kọ́rọ́ ìta lè ti onílé mọ́lé. Ní ọdún 1956, Gẹ̀ẹ́sì gba àdéhùn láti fi erékùṣù Gan ṣe pápá ọkọ̀ òfurufú ogun fún 100 ọdún, ní 2,000 pọ́n-ùn lọ́dọọdún. Ibrahim Nasir, tí ó di olórí ìjọba ní ọdún 1957, ní kí wọ́n tún ọ̀rọ̀ náà sọ. Inú ilé dàrú. Àwọn erékùṣù gúúsù, tí Gan wà láàárín wọn tí wọ́n sì ń rí owó iṣẹ́ níbẹ̀, yapa ní ọdún 1959, Abdullah Afeef sì ni olórí wọn. Ọdún 1963 ni ìyapa náà tó parí. Ṣùgbọ́n ní ọdún 1960, Nasir ti gé 100 ọdún náà sí 30. Ní ọjọ́ 26 oṣù Júláì ọdún 1965, ó fọwọ́ sí ìwé òmìnira ní ìlú Kòlóḿbò. Ní ọdún 1968 wọ́n fi Ààrẹ rọ́pò ọba, nígbà tí ó sì di ọdún 1976, àwọn ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì kó ẹrù wọn kúrò ní Gan.

Ẹ̀yin obìnrin lè bèèrè pé, ọmọ Khadija ńkọ́? Òfin tí wọ́n ń lò tẹ́lẹ̀ kò gba obìnrin láyè láti ṣe Ààrẹ. Òfin tuntun ọdún 2008 ni ó mú èèwọ̀ náà kúrò.

Ọ̀tá tí ó kù fún wọn báyìí kì í ṣe ará òkèèrè. Òkun fúnra rẹ̀ ni. Ilẹ̀ wọn kò ga ju òkun lọ púpọ̀. Èéfín ilé iṣẹ́ àti ọkọ̀ àwọn ilẹ̀ ńlá ń mú kí ayé gbóná sí i, yìnyín ń yọ́, omi òkun sì ń ga. Ní ọjọ́ 17 oṣù Ọkitóbà ọdún 2009, Ààrẹ Mohamed Nasheed àti àwọn mínísítà rẹ̀ wọ aṣọ òmùwẹ̀, wọ́n sì ṣe ìpàdé ìjọba nísàlẹ̀ omi, láti fi bẹ gbogbo ayé pé kí wọ́n dín èéfín náà kù.

Ẹ̀yin òbí, ẹ sọ ìtàn yìí fún àwọn ọmọ yín. Ẹ jẹ́ kí wọ́n mọ̀ pé ìwọ̀n ilẹ̀ kọ́ ni a fi ń mọ ìwọ̀n orílẹ̀-èdè. Ilé tí kò bá ta ẹ̀sìn rẹ̀, tí kò jẹ́ kí owó òde tú àwọn ọmọ ìyá ká, tí ó sì ń ka ìwé kí ó tó fọwọ́ sí i, yóò pẹ́ kí ẹnikẹ́ni tó lè gbé e mì. Kí Ọlọ́hun Ọba dáàbò bo àwọn arákùnrin àti arábìnrin wa tí ń bẹ láàárín òkun, kí Ó sì fi àlùbáríkà sí ilé gbogbo wa. Àmín.