Ọ̀pá rúbáàbù dùn jẹ, ṣùgbọ́n ẹ má fi ewé rẹ̀ se ọbẹ̀ o

Bí oṣù kẹrin ọdún bá ti wọlé nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, tí òtútù ń palẹ̀ mọ́, tí oòrùn sì bẹ̀rẹ̀ sí í yọjú díẹ̀díẹ̀, ohun kan wà tó máa ń kún orí àtẹ àwọn tó ń ta èso àti ẹ̀fọ́. Ọ̀pá gbọọrọ ni, ó nípọn tó àtàǹpàkò, apá kan pupa, apá kan ní àwọ̀ ewé. Ẹni tí kò bá mọ̀ ọ́n lè rò pé ìrèké tín-ín-rín tí wọ́n kùn ní ọ̀dà ni. Rúbáàbù ni orúkọ rẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé rhubarb ni wọ́n máa ń kọ sára ọ̀rá tí wọ́n bá fi wé e. Ọ̀pọ̀ ọmọ Yorùbá tó ń gbé ní Lọ́ńdọ̀nù ló ti gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kọjá láìmọye ìgbà níbi tí wọ́n ti ń wá ṣọkọ, tẹ̀tẹ̀ àti ata rodo, tí wọn kò sì béèrè pé kí ni wọ́n ń fi í ṣe.

Yíyan ni wọ́n ń yan án. Àwọn Gẹ̀ẹ́sì máa ń fi ṣúgà, fúláwà àti bọ́tà sí i, wọ́n á gbé e sínú ààrò, wọ́n á sì jẹ ẹ́ gẹ́gẹ́ bí ìpanu aládùn lẹ́yìn oúnjẹ ọ̀sán ọjọ́ Àìkú. Crumble ni wọ́n ń pè é. Kò ṣòro láti ṣe, kò sì náni lówó rẹpẹtẹ. Ṣùgbọ́n ewu kan wà lára ewéko yìí tó yẹ kí ọmọ Yorùbá mọ̀ ju ẹlòmíràn lọ, nítorí pé ọmọ Yorùbá kì í rí ewé tútù kó má ronú kan ọbẹ̀. Ewé rúbáàbù fẹ̀ ju àtẹ́lẹwọ́ lọ, ó tutù, ó ń dán, bí ẹ̀fọ́ gidi ló rí lójú. Oró ni.

Ọ̀rọ̀ náà kì í ṣe àsọdùn. Lásìkò Ogun Àgbáyé Kìíní tó wáyé láti ọdún 1914 sí 1918, nígbà tí oúnjẹ wọ́n bí ojú ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n gba àwọn aráàlú níyànjú pé kí wọ́n máa se ewé rúbáàbù jẹ dípò ẹ̀fọ́ mìíràn. Àwọn tó gbọ́ràn se é, wọ́n jẹ ẹ́, àìsàn sì dé. Ẹ̀mí bá a lọ pẹ̀lú.

Èròjà kan tí àwọn onímọ̀ ń pè ní oxalic acid wà lára ohun tó ń fa wàhálà náà. Ó wà nínú ọ̀pá pẹ̀lú, àmọ́ èyí tó wà nínú ewé pọ̀ jù ú lọ fíìfíì. Bó bá pọ̀ lára ènìyàn, ńṣe ló máa ń so mọ́ kálísíọ̀mù inú ẹ̀jẹ̀, á wá di ẹ̀rún wẹ́wẹ́ tó lè ba kíndìnrín jẹ́. Ẹnu àti ọ̀nà ọ̀fun á máa ta ẹni tó bá jẹ ẹ́, inú á máa rún un, á máa bì, bó bá sì le, mímí á ṣòro. Kò sí bíbọ̀ tàbí fífọ̀ tó lè sọ ọ́ di ẹ̀fọ́. Ẹni tó bá ní òun á fọ ìwà burúkú kúrò lára rẹ̀ bí wọ́n ṣe ń fọ ewúro, ara rẹ̀ ló ń tàn. Kódà ọ̀pá tí gbogbo ènìyàn ń jẹ, ẹni tí dókítà ti sọ fún pé òkúta wà ní kíndìnrín rẹ̀ gbọ́dọ̀ béèrè kó tó fọwọ́ kàn án.

Àwọn onísọ́ọ̀bù ti máa ń gé ewé náà kúrò kí wọ́n tó pa á lọ́jà, nítorí náà ewu kò pọ̀ lọ́jà. Ẹ̀yìnkùlé ni kí wọ́n ti ṣọ́ra. Gbòǹgbò rúbáàbù kan lè wà nínú ilẹ̀ fún ọdún mẹ́wàá, kó máa hù lọ́dọọdún láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni gbìn ín. Ẹni tó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ ra ilé, tàbí ẹni tó gba ọ̀kan lára àwọn oko kékeré tí ìjọba ìbílẹ̀ máa ń yá aráàlú, lè bá èyí tí ẹni àná gbìn níbẹ̀. Ẹni tó yẹ kí wọ́n tètè kìlọ̀ fún jù ni ìyá tó wọ bàálù láti Ìbàdàn tàbí Abẹ́òkúta láti wá bá ọmọ rẹ̀ wẹ ìkókó. Ọmọ àti ọkọ rẹ̀ á ti lọ síbi iṣẹ́, ìyá á wo ẹ̀yìnkùlé, á rí ewé tó tutù minijọ, á ní ṣé ẹ̀fọ́ ọ̀fẹ́ nìyí tí àwọn ọmọ yìí ń lọ ra ti inú ọ̀rá. Kò jẹ̀bi. Ẹni tó yẹ kó sọ fún un ni kò sọ.

Ọ̀pá tó ń gbé ewé náà ró ló ṣeé jẹ. Bí ẹnikẹ́ni bá gé e jẹ ní tútù, kíkan rẹ̀ á mú ojú rẹ̀ fún pọ̀. Ẹni tó bá ti tọ́ ìṣápá pupa wò kí wọ́n tó fi ṣúgà sí i ti mọ bó ṣe ń ṣe eyín. Ìlú Ṣáínà àti agbègbè rẹ̀ ni rúbáàbù ti wá, gbòǹgbò rẹ̀ ni wọ́n sì ń lò níbẹ̀ láti ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọdún sẹ́yìn gẹ́gẹ́ bí oògùn tí ń fọ inú. Àwọn Òyìnbó fẹ́ràn oògùn náà débi pé nígbà tí Lin Zexu, ìjòyè ìjọba Ṣáínà, ń kọ lẹ́tà sí Ọbabìnrin Victoria lọ́dún 1839 lórí òwò oògùn olóró tí wọ́n ń pè ní opium, ó ka rúbáàbù pẹ̀lú tíì mọ́ ohun tí àwọn àjèjì kò lè ṣe aláìní fún ọjọ́ kan péré.

Bó ṣe kúrò ní oògùn tó di oúnjẹ ló máa ya àwọn ará Peckham lẹ́nu. Àgbẹ̀ kan tó ń jẹ́ Joseph Myatt ló ń gbin ín ní Deptford, ní gúúsù ìlà oòrùn Lọ́ńdọ̀nù, ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1800. Ìtàn tí wọ́n máa ń sọ ni pé nígbà tó kọ́kọ́ di ìdì márùn-ún, tó fi rán àwọn ọmọ rẹ̀ lọ sí ọjà Borough, ìdì mẹ́ta péré ni wọ́n rí tà. Àwọn ènìyàn ò mọ ohun tí wọ́n fẹ́ fi ṣe. Myatt kò fi í sílẹ̀. Nígbà tó yá, ó mú irú kan jáde tó fi orúkọ Ọbabìnrin Victoria sọ, èyí tó gorí ìtẹ́ lọ́dún 1837, wọ́n sì ń gbin irú náà títí dòní. Pápá ìṣeré Myatt's Fields tó wà ní Camberwell, tí wọ́n ṣí lọ́dún 1889, òun ni wọ́n fi orúkọ rẹ̀ sọ, torí pé ibẹ̀ náà ló ti dáko rí. Deptford, Camberwell àti Peckham tó wà láàárín wọn, ṣé ẹ rí i pé lára àwọn àdúgbò tí ọmọ Yorùbá pọ̀ sí jù ní Lọ́ńdọ̀nù nìyẹn? Orí ilẹ̀ tí wọ́n ti kọ́ aráyé láti jẹ rúbáàbù ni wọ́n ń gbé.

Ohun mìíràn tó jẹ́ kó tà ni ṣúgà, nítorí láìsí ṣúgà, kò sẹ́ni tó lè jẹ ẹ́. Iye tí wọ́n ń ta ṣúgà já wálẹ̀ púpọ̀ láyé Ọbabìnrin Victoria. Òfin kan tí wọ́n ṣe lọ́dún 1846 sì ṣínà fún ṣúgà láti Kúbà àti Bràsíìlì láti máa wọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, nígbà tó jẹ́ pé àwọn ẹrú ló ń ṣe é ní ìlú méjèèjì. Àwọn ọmọ Yorùbá tí ogun kó lẹ́yìn tí Ọ̀yọ́ Ilé tú, tí wọ́n ń pè ní Lukumí ní Kúbà, wà lára àwọn tó ń gé ìrèké náà. Àwọn tó ń jẹ ìpanu lọ́jọ́ náà lè má ronú kan ìyẹn rárá.

Lápá àríwá, ní Yorkshire, ọ̀nà mìíràn ni wọ́n ń gbà ṣe tiwọn. Láàárín ìlú Wakefield, Morley àti Rothwell, wọ́n máa ń fi gbòǹgbò rúbáàbù sílẹ̀ sínú oko fún ọdún méjì gbáko láìká ọ̀pá kan lára rẹ̀. Bí òtútù bá ti mú un dáadáa, wọ́n á hú u, wọ́n á kó o wọ ilé gígùn tó ṣókùnkùn biribiri, wọ́n á sì mú inú ilé náà móoru. Ewéko náà kò rí ìmọ́lẹ̀, agbára tó ti kó pamọ́ sínú gbòǹgbò ló máa ń fi dàgbà, ìdí nìyẹn tí ọ̀pá rẹ̀ fi máa ń rọ̀, tó ń pupa fẹ́ẹ́rẹ́, tí kíkan rẹ̀ sì dínkù. Iná àbẹ́là ni wọ́n fi ń kórè rẹ̀, kí ìmọ́lẹ̀ má baà ba iṣẹ́ jẹ́. Bí gbogbo ilé bá pa rọ́rọ́, etí máa ń gbọ́ bí àwọn èéhù ṣe ń ta pó, pó. Lọ́dún 2010, Àjọ Ìṣọ̀kan Yúróòpù fi òfin dáàbò bo orúkọ rẹ̀, kí ẹlòmíràn má baà pe tirẹ̀ ní ti Yorkshire. Èyí ló máa ń kọ́kọ́ dé ọjà láti oṣù kìíní. Ti ìta gbangba, tó nípọn tó sì kan jù ú lọ, a máa tẹ̀ lé e láti oṣù kẹrin sí oṣù kẹfà.

Ogun ló sọ crumble fúnra rẹ̀ di ìlú mọ̀ọ́ká. Lásìkò Ogun Àgbáyé Kejì, ìjọba ń wọn bọ́tà àti ṣúgà fún ìdílé kọ̀ọ̀kan, kò sì sẹ́ni tó ní ọ̀rá tó máa fi po fúláwà tí wọ́n fi ń bo ìpanu lókè nísàlẹ̀. Wọ́n wá ń fọ́n ìwọ̀nba díẹ̀ sórí èso lásán, wọ́n sì ń yan án.

Fún ènìyàn márùn-ún, gíráàmù 700 rúbáàbù ti tó. Ẹ fọ ọ̀pá náà, ẹ gé orí àti ìdí rẹ̀ sọnù. Bí ewé kékeré kan bá ṣì wà lórí rẹ̀, ẹ má dá a sí. Ẹ gé e ní wẹ́wẹ́ bí ìdajì ìka, kí ẹ tò ó sínú àwo dígí tàbí tánganran tó lè wọ ààrò. Ìkòkò alumíníọ̀mù tó pọ̀ nílé Yorùbá kò bá a mu, torí kíkan rẹ̀ máa ń jẹ irin náà, oúnjẹ á wá máa rùn irin. Ẹ wọ́n gíráàmù 100 ṣúgà lé e, kí ẹ rin atalẹ̀ tútù díẹ̀ sí i. Ó bá a mu gan-an. Ẹ má bu omi sí i o. Ibi tí àwọn tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ ọ ti máa ń ṣìṣe nìyẹn, torí wọ́n rò pé ó máa jóná. Inú ọ̀pá náà kún fún omi tirẹ̀, bó bá ti rí iná ló máa tú u jáde, bí wọ́n bá sì ti bu omi kún un, ọbẹ̀ ni wọ́n máa bá nínú àwo.

Ẹ bu gíráàmù 200 fúláwà sínú abọ́, kí ẹ gé gíráàmù 100 bọ́tà tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ti inú fíríìjì jáde sí i. Orí ìka nìkan ni kí ẹ fi máa rin wọ́n pọ̀, kì í ṣe àtẹ́lẹwọ́, títí yóò fi rí bíi gàrí tí kò kúnná. Bí bọ́tà bá yọ́ mọ́ yín lọ́wọ́, á di ìṣù. Ẹ gbé e padà sínú fíríìjì fún ìgbà díẹ̀. Ẹ da gíráàmù 80 ṣúgà mọ́ ọn. Àwọn mìíràn máa ń fi ẹ̀kúnwọ́ ọkà óòtì kan sí i kó lè máa ró wàrawàra lẹ́nu. Ẹ fọ́n ọn sórí rúbáàbù náà láìtẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀. Kí ààrò ti gbóná tó 180 kí ẹ tó gbé e sí i, ogójì ìṣẹ́jú sì lè tó o. Bí òkè rẹ̀ bá ti pọ́n, tí omi pupa sì ń hó jáde létí àwo, ó ti jinná. Ẹ jẹ́ kó sinmi díẹ̀, torí omi ṣúgà inú rẹ̀ lè bó ahọ́n.

Kọ́sítáàdì gbígbóná ni wọ́n máa ń dà lé e. Ní Nàìjíríà, òun ni àwọn ènìyàn ń mu láàárọ̀ bí ògì, wọ́n á fi àkàrà tì í. Ìpanu bí irú èyí ni àwọn Gẹ̀ẹ́sì ń dà á lé láti ọdún 1837 tí Alfred Bird ti ṣe ìyẹ̀fun rẹ̀ ní Birmingham, nítorí pé ẹyin kò bá ìyàwó rẹ̀ lára mu. Rúbáàbù kò lè hù dáadáa ní Ìbàdàn, torí kò lè ṣe kó má rí òtútù líle lọ́dọọdún. Ẹni tó bá wà nílé tó fẹ́ ṣe irú rẹ̀ lè lo máńgòrò tí kò tíì rọ̀ jù, èyí tí àsìkò rẹ̀ bọ́ sí àkókò kan náà, kó fún ọsàn wẹ́wẹ́ sí i, kó sì dín ṣúgà kù sí ìdajì.

Ẹni tó bá ní i lẹ́yìnkùlé kò gbọdọ̀ fi ọ̀bẹ gé e. Ńṣe ni wọ́n máa ń di ọ̀pá náà mú nídìí, wọ́n á lọ́ ọ díẹ̀, wọ́n á sì fà á yọ. Wọn kì í fa gbogbo rẹ̀ tán, bí oṣù kẹfà bá sì ti ń parí lọ, wọ́n á jáwọ́ kí gbòǹgbò lè kó okun jọ de ọdún tó ń bọ̀. Ewé tí wọ́n bá gé kúrò, orí ààtàn ni kí wọ́n dà á sí. Oró rẹ̀ á jẹrà pẹ̀lú rẹ̀, kò ní ba ajílẹ̀ jẹ́.