Ohùn Inú Irin

Ẹni tó bá mọ àdá rà ní ọjà Òkìtìpupa kì í fi ojú nìkan rà á. Á fi ìka méjì mú un lókè, nítòsí èèkù, kí ó rọ̀ dirodiro. Á wá fi èékánná ta á, á sì tẹ́tí. Bí ó bá dún kooo, tí ohùn náà ń lọ títí kó tó rá, á bèèrè iye tó jẹ́. Bí ó bá dún kọ̀, tó dákẹ́ lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀, á dá a padà sórí ẹní. Irú àdá bẹ́ẹ̀ ti là níbìkan tí ojú kò rí, ìdí ẹyìn àkọ́kọ́ tí wọ́n bá fi kọ ló máa ṣẹ́ sí.

Àwọn òǹkọ̀wé ilẹ̀ òkèèrè a máa dá ayé àròsọ sílẹ̀ níbi tí idà ti ń kọrin lọ́wọ́ akọni. Mo fẹ́ràn irú ìtàn bẹ́ẹ̀ púpọ̀. Ṣùgbọ́n mo mọ̀ pé ohùn wà nínú irin tiwa náà, àwọn baba wa kò sì fi ohùn yẹn ṣeré.

Ẹ jẹ́ kí n bẹ̀rẹ̀ láti ilẹ̀. Ẹni tó bá wọ ìlú wa lẹ́yìn òjò, tí ẹrẹ̀ lẹ̀ mọ́ bàtà rẹ̀, á mọ ìdí tí wọ́n fi ń pè é ní Òkìtìpupa. Irin ló pọ́n ilẹ̀ náà. Irin tó fọ́n ká inú yanrìn ti dógùn-ún láti ọjọ́ aláyé ti dáyé, bí àdá tí a gbàgbé sóko ṣe ń pọ́n. Síbẹ̀, ibòmíràn ni wọ́n ti ń yọ́ irin láyé àtijọ́. Ní 1904, òyìnbó kan tó ń jẹ́ Bellamy tẹ ìwé jáde nípa abúlé kan nítòsí Ọ̀yọ́, níbi tí wọ́n ti ń wa òkúta irin, tí wọ́n ń lọ̀ ọ́, tí wọ́n ń fọ̀ ọ́, tí wọ́n sì ń yọ́ ọ nínú iléru amọ̀. Lónìí, sipiríngì ọkọ̀ tó ti bàjẹ́ ni àwọn alágbẹ̀dẹ fi ń rọ àdá.

Mo jókòó nílé arọ rí, ọmọdé kan ń fín ẹwìrì, èédú ń pọ́n wẹ̀ẹ̀. Baba alágbẹ̀dẹ fi ẹ̀mú fa irin náà jáde, ó sì gbé ọmọ owú sókè. Nígbà tí irin ṣì gbóná, ìró rẹ̀ kò yàtọ̀ sí ti ẹni tó ń gún iṣu: pọ̀, pọ̀, pọ̀. Bí ó ti ń tutù ni ohùn ń wọ inú rẹ̀ díẹ̀díẹ̀, títí ó fi di kan, kan, kan. Baba kò wo irin náà mọ́ nígbà tó yá, ó kàn ń tẹ́tí ni.

"Baba, kí lẹ ń gbọ́?"

"Mò ń gbọ́ bóyá kí n dá a padà síná ni, ọmọ mi."

Ohun tó ń ṣẹlẹ̀ nínú irin kò ṣòro láti yé ni. Bí a bá lù ú, á gbọ̀n, á tẹ̀ síhìn-ín, á tẹ̀ sọ́hùn-ún, á sì máa padà sípò, gbígbọ̀n yẹn la sì ń gbọ́. Ohùn a máa sáré nínú irin tó bí ẹgbẹ̀rún márùn-ún mítà láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan, bí ìlọ́po 15 eré tó ń sá nínú afẹ́fẹ́. Bí ó bá kan ibi tó là, ibẹ̀ ló máa kú sí. Ibi tí a gbá a mú náà ṣe pàtàkì. Bí o bá gbá a mú láàárín, o ti pa ohùn rẹ̀. Àmọ́ ojú kan wà, tí kò tó ìdámẹ́rin gígùn irin láti ìpẹ̀kun rẹ̀, tí kì í fi bẹ́ẹ̀ gbọ̀n. Bí a bá dì í mú níbẹ̀, á dún dáadáa. Kò sẹ́ni tó wọn ọ̀nà yẹn fún àwọn ará ọjà wa, ọwọ́ wọn ló mọ̀ ọ́n.

Àárín àwọn tó ń fi idà sọ̀rọ̀ ni ilẹ̀ Ìkálẹ̀, ilẹ̀ tiwa, wà. Ọ̀pọ̀ ìdílé ọba wa, títí kan ti Abòdì ní Ìkòyà, ló ń tọ́ka sí Ìbìní bí orírun wọn. Ní Ìbìní, ada ni wọ́n ń pe idà àṣẹ tí wọ́n ń gbé tẹ̀lé ọba, ẹ sì gbọ́ bí orúkọ yẹn ṣe sún mọ́ àdá tí a fi ń ṣán oko. Ìkejì rẹ̀ ni ẹbẹn, abẹ fífẹ̀ bí ewé, tó ní òrùka nídìí. Àwọn olóyè a máa fi í jó níwájú Ọba, wọ́n á yí i, wọ́n á jù ú sókè, wọ́n á sì hán an. Ìró tí olóyè kan kò fẹ́ gbọ́ láyé ni ti ẹbẹn tó bọ́ lulẹ̀.

Ní Ọ̀wọ̀, tí àwọn ará ibẹ̀ náà máa ń fi ù bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ bíi tiwa, ùdà ni idà ń jẹ́, ùdàmalórè sì ni idà kúkúrú tí àwọn ẹni ńlá ń so mọ́ ìbàdí. Kì í ṣe ti ogun, idà ọmọ tí a bí ire ni. Ọdún Ìgogo tí wọ́n ń ṣe níbẹ̀ ní oṣù kẹsàn-án, fún ọjọ́ 17, ló wú mi lórí jù. Nítorí Ọrọnsẹn, ayaba àtijọ́, ẹnikẹ́ni kì í lu ìlù nígbà yẹn. Agogo irin ló ń ṣe gbogbo iṣẹ́ tí dùndún àti bàtá ì bá ṣe, Ọlọ́wọ̀ fúnra rẹ̀ á sì jó sí i, tòun ti irun dídì àti ìlẹ̀kẹ̀ iyùn. Odindi ìlú ń gbé ẹsẹ̀ sí ohùn irin.

Nígbà tí àwọn ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì kó ẹrù ààfin Ìbìní lọ ní 1897, inú àpótí gíláàsì ní ilé ìṣẹ̀ǹbáyé ilẹ̀ òkèèrè ni ọ̀pọ̀ nínú rẹ̀ bá ara rẹ̀. Jámánì dá díẹ̀ nínú rẹ̀ padà ní oṣù Kejìlá 2022, inú mi sì dùn. Àmọ́ gíláàsì kì í jẹ́ kí idà dún. Ẹni tó bá wo ẹbẹn níbẹ̀ rí ìrísí rẹ̀ lásán, ó dà bí ẹni tó rí àwòrán akọrin.

Àmọ́ irin ṣì ń dún níbòmíràn. Ní kóòtù wa títí di òní, ẹlẹ́sìn ìbílẹ̀ lè ní kí wọ́n fún òun ní irin, á fi ẹnu kàn án, á sì búra. Etí mi a máa wà lára irin yẹn nígbà tí eyín bá kàn án. Ìró kékeré kan máa ń wà.

Lọ́jọ́ ọjà tó kọjá, ìyá elépo kan dúró níwájú ẹní aládàá. Ó ta èkíní, ó mi orí. Ó ta èkejì, ó gbé e súnmọ́ etí, ó sì di ojú títí ohùn náà fi lọ tán. Ó san owó, ó fi bébà wé ẹnu àdá náà. Bó ṣe ń lọ sídìí ọ̀kadà, mo rí i tó tún fi ìka ta á.