Ẹ Wọn Àyè Kí Ẹ Tó Ra Yanrìn

Ẹ̀yin ará wa ní Ajamimogha àti ní gbogbo ìgboro Warri, àjò kì í dùn kí onílé má relé. Ṣùgbọ́n ilé tí ó dúró lágbedeméjì nítorí pé owó tán, ìtìjú ni fún baba, ìyà sì ni fún ìyàwó àti ọmọ tí wọ́n ṣì ń gbé ilé onílé.

Kì í ṣe àìlówó nìkan ní ń fa èyí. Púpọ̀ nínú wa ni ó ń bi bíríkìlà pé, "Típà mélòó ni yóò tó?" Ohun tí ó bá sì ti ẹnu rẹ̀ jáde ni a ó rà. Bẹ́ẹ̀ ni ẹnikẹ́ni tí ó mọ ìṣirò ìsọdipúpọ̀ lè mọ iye náà fúnra rẹ̀. Kí ó wọn gígùn, fífẹ̀ àti gíga àyè tí ó fẹ́ dí, kí ó sì sọ wọ́n di púpọ̀. Àyè tí ó gùn ní mítà 1, tí ó fẹ̀ ní mítà 1, tí ó sì ga ní mítà 1 ni à ń pè ní kúbíìkì mítà 1.

Ẹ jẹ́ kí a bẹ̀rẹ̀ láti orí ilẹ̀ àbàtà, nítorí òjò Warri ju mílímítà 2,500 lọ lọ́dún, ọ̀pọ̀ ilẹ̀ ni a sì gbọ́dọ̀ fi yanrìn gbé sókè kí a tó kọ́lé sí i. Bí ilẹ̀ bá gùn ní mítà 30, tí ó fẹ̀ ní 15, tí a sì fẹ́ gbé e sókè ní ìdajì mítà, kúbíìkì mítà 225 ni. Yanrìn tí a bá tẹ̀ mọ́lẹ̀ a máa rọlẹ̀, nítorí náà ẹ fi ìdá kan nínú márùn-ún lé e, yóò di 270.

Àwọn ìyá wa lọ́jà a máa wo ìdí kóńgò kí wọ́n tó san owó gààrí. Típà náà, kóńgò ni. Ẹ fi tépù wọn inú rẹ̀ kí ó tó da ẹrù sílẹ̀. Bí inú rẹ̀ bá gùn ní mítà 4, tí ó fẹ̀ ní 2, tí yanrìn sì ga ní 0.75, ẹrù kan jẹ́ kúbíìkì mítà 6, ẹrù 45 yóò sì tó. Bí yanrìn bá ga ní 0.5 péré, ẹrù kan di 4. Ẹni tí ó san owó ẹrù 45 yóò rí 180 gbà, 90 kò sì dé ilé rẹ̀ rárá.

Ẹ ṣọ́ra fún yanrìn tútù pẹ̀lú. Ọ̀rinrin díẹ̀ a máa mú kí yanrìn wú, nígbà mìíràn ju ìdá kan nínú márùn-ún lọ. Ẹ bu díẹ̀ sínú korobá, ẹ wọn gíga rẹ̀, kí ẹ sì da omi sí i títí omi yóò fi bò ó, kí ẹ rò ó pọ̀. Nígbà tí ó bá rọlẹ̀, ẹ ó rí iye yanrìn tí ẹ rà ní tòótọ́.

Ó ku kọnkéré. Ilẹ̀ yàrá tí ó gùn ní mítà 5, tí ó fẹ̀ ní 4, tí kọnkéré rẹ̀ sì nípọn ní sẹ̀ǹtímítà 10, kúbíìkì mítà 2 ni. Ṣùgbọ́n bí a bá fi omi po àwọn ohun gbígbẹ, wọn a wọnú ara wọn, wọn a sì dínkù. Nítorí náà, 2 lọ́nà 1.54 ni a ó rà, èyí jẹ́ 3.08. Bí a bá fẹ́ po sìmẹ́ńtì 1 mọ́ yanrìn 2 àti òkúta 4, ìpín 7 ni gbogbo rẹ̀, ìpín kan sì jẹ́ 0.44. Yanrìn yóò jẹ́ 0.88, òkúta 1.76. Sìmẹ́ńtì inú àpò kílò 50 kan gba àyè bí 0.035, nítorí náà àpò 13 ni yóò tó. Bí bíríkìlà bá ní 8, ẹ bi í bí ilẹ̀ náà yóò ṣe le. Bí ó bá ní 20, ẹ bi í ibi tí 7 yòókù ń lọ.

Ẹ má sì rà ju bí ó ti yẹ lọ. Nínú ọ̀rinrin, sìmẹ́ńtì tí ó pẹ́ tó oṣù mẹ́ta lè sọ bí ìdá kan nínú márùn-ún agbára rẹ̀ nù. Orí pákó ni kí ẹ tò ó sí, kí ó má kan ògiri.

Ẹ̀yin tí ẹ ń fi owó ránṣẹ́ sí ilé, ẹ má bèèrè iye owó nìkan lọ́wọ́ àbúrò yín. Ẹ ní kí ó fi gígùn, fífẹ̀ àti gíga ránṣẹ́, kí ẹ ṣe ìṣirò náà níhìn-ín. Ní ti òpó àti ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì, ẹ pe ẹnjiníà, nítorí ọ̀ràn ẹ̀mí ni.

Ẹni tí ó bá parí ilé rẹ̀, kí ó jẹ́ kí a gbọ́, kí a lè bá a yọ̀ ní ojú ewé ìròyìn ẹbí. Olódùmarè yóò jẹ́ kí a kọ́ ọ parí, kí a sì gbé inú rẹ̀ pẹ́.