Ẹ jẹ́ ká mọ̀: Theodore Maiman, ẹni tó kọ́kọ́ tan lésà

Ọjọ́ 16 oṣù Karùn-ún ọdún 1960 ni Maiman tan lésà àkọ́kọ́ láyé ní Malibu, California. Ọ̀pá rúbì kékeré kan ló lò. Ó fi fàdákà kun orí rẹ̀ méjèèjì, ó sì fi iná fíláàṣì yí i ká. Bí iná náà bá ti kọ mànà, ìmọ́lẹ̀ á máa lọ, á máa bọ̀ nínú rúbì, agbára rẹ̀ á máa pọ̀ sí i, títí yóò fi yọ síta ní pupa, tààrà.

Àwọn onímọ̀ kan ti ní rúbì kò lè ṣe é. Maiman tún un wọ̀n fúnra rẹ̀, ó rí i pé ìṣirò wọn ò tọ̀nà. Ìwé ìròyìn sáyẹ́ǹsì Physical Review Letters kọ̀ láti tẹ àpilẹ̀kọ rẹ̀ lórí lésà náà jáde. Ìwé ìròyìn Nature ló wá gbé e jáde. Ó kú ní 2007 láìgba ẹ̀bùn Nobel.