Òfin Tuntun Lórí Ẹ̀rọ POS: Kí Ni Yóò Ti Ibẹ̀ Bá Oníṣòwò Kékeré?

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní bí òní ti rí, ọ̀la kì í rí bẹ́ẹ̀, òun ni í mú kí babaláwo máa dífá ọrọọrún. Òwe yìí bá ọ̀rọ̀ àwọn tí ń fi ẹ̀rọ POS ṣòwò mu wẹ́kú. Kò tíì pẹ́ púpọ̀ tí ẹ̀rọ kékeré náà dé àárín ọjà, ó sì ti di ohun tí ọ̀pọ̀ ìdílé fi ń jẹun. Ṣùgbọ́n láti ìparí ọdún 2024 ni Báńkì Àpapọ̀ Ilẹ̀ Nàìjíríà ti ń gbé òfin kan jáde tẹ̀lé òmíràn lórí rẹ̀. Ẹni tí ó bá mọ àwọn òfin náà yóò tètè tún ìjókòó rẹ̀ ṣe. Ẹni tí kò bá mọ̀ wọ́n lè ti ìsọ̀ rẹ̀ dé lọ́jọ́ kan kí ó rí i pé ẹ̀rọ náà ti dákẹ́ mọ́ òun lọ́wọ́.

Láti ọwọ́ alájọ dé ọwọ́ oní-POS

Kí báńkì tó mọ ọ̀nà ọjà ni alájọ ti mọ̀ ọ́n. Ojoojúmọ́ ni ó ń ti ìsọ̀ kan bọ́ sí òmíràn, pẹ̀lú káàdì àti báírò lọ́wọ́. Owó ọjọ́ kan nínú oṣù ni tirẹ̀, ìyókù jẹ́ ti ẹni tí ó dá a. Alájọ kò ní ilé alájà, kò sì ní ẹ̀ṣọ́ lẹ́nu ọ̀nà. Ohun tí ó ní ni pé àwọn ènìyàn gbà á gbọ́. Iṣẹ́ tí oní-POS ń ṣe lónìí kò jìnnà sí ti alájọ, nítorí òun náà ni ó ń gbé báńkì tọ ẹni tí báńkì jìnnà sí lọ.

Ọdún 2013 ni Báńkì Àpapọ̀ gbé ìlànà jáde tí ó fi àyè gba àwọn báńkì láti yan aṣojú sí ìgboro àti ìletò. Ṣùgbọ́n ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2023 ni tọmọdé tàgbà mọ bí iṣẹ́ wọn ti ṣe pàtàkì tó. Ìjọba ti pààrọ̀ 200 náírà, 500 náírà àti 1,000 náírà, owó tuntun kò sì kárí. Owó wọ́n bí ojú, ó di pé ènìyàn ń fi owó ra owó. Nígbà tí Ilé Ẹjọ́ Gíga Jùlọ fi máa pàṣẹ ní ọjọ́ 3 oṣù kẹta ọdún náà pé kí a ṣì máa ná owó àtijọ́, ọjà ti bàjẹ́ mọ́ ọ̀pọ̀ alátẹ lọ́wọ́, wọ́n sì ti kọ́ ọgbọ́n pé ẹni tí kò bá lè gba owó láìfojú kan bébà, ẹ̀gbẹ́ ìsọ̀ rẹ̀ ni oníbàárà yóò gbà kọjá.

Ohun tí àwọn òfin náà wí

Òfin kìn-ín-ní jáde ní ọjọ́ 17 oṣù kejìlá ọdún 2024. Ó ní oníbàárà kan kò gbọdọ̀ gba ju 100,000 náírà lọ lọ́wọ́ aṣojú báńkì lóòjọ́, tàbí ju 500,000 náírà lọ láàárín ọ̀sẹ̀ kan. Aṣojú fúnra rẹ̀ kò gbọdọ̀ san ju 1,200,000 náírà lọ lóòjọ́. Bí a bá ṣe ìṣirò rẹ̀, tí oníbàárà kọ̀ọ̀kan bá ń gba 5,000 náírà, 240 ènìyàn ni aṣojú yóò sanwó fún kí ó tó kan òpin náà. Èyí kò lè ni ìsọ̀ kékeré lára. Ṣùgbọ́n bí ìsọ̀ náà bá wà nídìí ọjà kòkó tàbí ọjà màlúù, tí oníkálukú ń béèrè 100,000 náírà, ẹni méjìlá péré ni yóò gbà á tán.

Òfin kejì, tí ó le jù ú lọ, wà nínú ìwé àṣẹ ti ọjọ́ 25 oṣù kẹjọ ọdún 2025. Ìwé náà ní gbogbo ẹ̀rọ tí a fi ń gba owó gbọ́dọ̀ lè sọ ibi tí ó wà. Ẹ̀rọ náà yóò máa gba àmì láti ọ̀dọ̀ sátẹ́láìtì tí ń yí ayé po lójú òfuurufú, yóò sì máa fi ojú ibi tí ó dúró sí ránṣẹ́ pẹ̀lú owó kọ̀ọ̀kan tí ó bá gbà. Mítà mẹ́wàá ni a fún un yí ká ibi tí a forúkọ rẹ̀ sílẹ̀ sí. Mítà mẹ́wàá kò sì tó ogún ìṣísẹ̀. Kì í ṣe oní-POS nìkan ni ọ̀rọ̀ yìí kàn. Ó kan aláṣọ, olóògùn, ilé epo àti ilé oúnjẹ tí ń fi ẹ̀rọ gba káàdì oníbàárà.

Òfin kẹta ni ìlànà tí ó jáde ní oṣù kẹwàá ọdún 2025. Ó dá ọjọ́ kìn-ín-ní oṣù kẹrin ọdún 2026 fún aṣojú pé kí ó má ṣe sin ju ilé iṣẹ́ kan lọ mọ́. Kò gbọdọ̀ kó kúrò níbi tí ó wà láìgba àṣẹ lọ́wọ́ ilé iṣẹ́ náà, àkáǹtì tí a yà sọ́tọ̀ fún iṣẹ́ náà nìkan ni owó rẹ̀ sì gbọ́dọ̀ máa gbà kọjá.

Ìdí tí a fi ṣe àwọn òfin wọ̀nyí kò ṣòkùnkùn. Owó jìbìtì a máa wá ibi tí yóò gbà jáde kíákíá. Bí ẹ̀rọ tí a forúkọ rẹ̀ sílẹ̀ ní Ìbàdàn bá ń sanwó nínú igbó kan tí ẹnikẹ́ni kò mọ̀, ta ni ọlọ́pàá yóò mú? Ẹ̀rọ tí ó ní ojúlé ni a lè tọpa rẹ̀.

Àwọn tí ọ̀rọ̀ náà kàn jù

Síbẹ̀, ohun tí ó ń dí olè lọ́wọ́ lè dí ọmọlúàbí lọ́wọ́ pẹ̀lú. Ọ̀pọ̀ ìlú nílẹ̀ Yorùbá ni ó ṣì ń ná ọjà ọrọọrún. Oní-POS tí ó gbọ́n a máa tẹ̀lé ọjà: lónìí yóò gbé àga àti agboòrùn rẹ̀ lọ sí ìletò kan, lọ́la yóò wà ní òmíràn, nítorí pé ọjọ́ ọjà ni owó ń yí níbẹ̀. Àgbẹ̀ tí kò ní báńkì nítòsí ni ó ń jàǹfààní rẹ̀ jù. Bí a bá wá so ẹ̀rọ mọ́ ojú kan bí ẹni so ewúrẹ́ mọ́ èèkàn, ta ni yóò máa lọ bá àgbẹ̀ náà? Ọ̀rọ̀ yìí yẹ kí ìjọba rò dáadáa, nítorí irú àwọn ènìyàn bẹ́ẹ̀ gan-an ni a torí wọn yan aṣojú.

Ìṣòro kejì ni ti nẹ́tíwọ́ọ̀kì. Bí aṣojú bá to ẹ̀rọ méjì tàbí mẹ́ta sórí tábìlì, kì í ṣe fáàrí. Bí ọ̀kan bá kọṣẹ́, yóò yà sórí èkejì, oníbàárà kò sì ní lọ lọ́wọ́ òfo. Nígbà tí ó bá di ilé iṣẹ́ kan ṣoṣo, ọjọ́ tí nẹ́tíwọ́ọ̀kì ilé iṣẹ́ náà bá lọ, àfi kí ó káwọ́ lẹ́rán.

Kí ni kí oníṣòwò ṣe?

Èkínní, kí ó fara balẹ̀ yan ilé iṣẹ́ tí yóò bá lọ. Kí ó má wo ti owó tí wọ́n ń yọ nìkan. Kí ó bi àwọn tí ó ti wà níbẹ̀ léèrè: ǹjẹ́ ẹ̀rọ wọn ń ṣiṣẹ́ lọ́jọ́ ọjà àti ní ìparí oṣù? Bí a bá yọ owó oníbàárà tí owó náà kò sì dé, ọjọ́ mélòó ni wọ́n fi ń dá a padà? Ǹjẹ́ wọ́n ní òṣìṣẹ́ nítòsí tí a lè lọ bá lójúkojú?

Èkejì, kí ó rí i pé ibi tí ìsọ̀ rẹ̀ wà gan-an ni wọ́n kọ sílẹ̀ fún ẹ̀rọ rẹ̀. Ẹni tí ó ra ẹ̀rọ lọ́wọ́ ẹlòmíràn, tí orúkọ àti àdírẹ́sì ẹni náà ṣì wà lórí rẹ̀, wàhálà ni ó rà.

Ẹ̀kẹta, kí ó forúkọ òwò rẹ̀ sílẹ̀. Láti oṣù karùn-ún ọdún 2024 ni àjọ CAC ti ń rọ àwọn oní-POS sí èyí. Kí ó ya owó òwò sọ́tọ̀ kúrò lára owó ìdáná, kí ó sì ní ìwé tí ó ń kọ owó tí ó wọlé àti èyí tí ó jáde sí lójoojúmọ́, gẹ́gẹ́ bí alájọ ti ń ṣe lórí káàdì rẹ̀.

Ẹ̀kẹrin, kí ó má ṣe gba alẹ́ẹ̀tì tí ó wà lórí fóònù oníbàárà gbọ́. Àwọn gbájúẹ̀ ti mọ bí a ti ń ṣe alẹ́ẹ̀tì irọ́. Inú àkáǹtì tirẹ̀ ni kí ó wò. Bí owó kò bá tíì wọlé, ọjà kò gbọdọ̀ jáde.

Ohun tí a bá fi ẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́, ohun tí a bá fi agbára mú ní í le koko. Kí oníṣòwò fi ẹ̀sọ̀ mú òfin yìí, kí ó má dúró títí dìgbà tí a óò fi ti ẹ̀rọ pa mọ́ ọn lọ́wọ́. Kí àwọn tí ń ṣe òfin náà sì fi ẹ̀sọ̀ mú oní-POS inú ọjà ọrọọrún, kí àgbẹ̀ ìletò má baà tún máa wọ ọkọ̀ lọ sí ìgboro nítorí 5,000 náírà.