Ta ni Fernando Solanas, ẹni tó gbé kámẹ́rà dé ilé aṣòfin Ajẹntínà?

Ọta ìbọn mẹ́fà ni wọ́n yìn sí Fernando Solanas lẹ́sẹ̀ ní agbègbè Buenos Aires lóṣù Karùn-ún ọdún 1991. Kò tíì pẹ́ tó fẹ̀sùn kan ìjọba Ààrẹ Carlos Menem pé ìwà ìbàjẹ́ wà nínú bó ṣe ń ta dúkìá ìlú fún aládàáni. Àpá ìbọn kò pa á lẹ́nu mọ́. Ní 1993, onífíìmù náà wọlé ìbò, ó di aṣojú-ṣòfin.

Kí ló gbé onífíìmù dé ìdí òṣèlú?

Ìdí òṣèlú ni fíìmù rẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀. Ọ̀gágun Juan Carlos Onganía gbàjọba ní 1966. Iṣẹ́ fíìmù ìpolówó ọjà ni Solanas ń ṣe jẹun nígbà náà. Òun àti Octavio Getino wá ń ya fíìmù ìṣẹ̀lẹ̀ ojú ayé kan ní bòńkẹ́lẹ́, lórí ìyà tó ń jẹ òṣìṣẹ́ àti bí ilẹ̀ òkèèrè ṣe di ọrọ̀ ajé ìlú wọn mú. "La hora de los hornos" ni wọ́n pè é, ó sì gùn ju wákàtí mẹ́rin lọ. Ìlú Pesaro ní Ítálì ni wọ́n ti kọ́kọ́ fi hàn ní 1968.

Nílé, ilé ẹni-ẹlẹ́ni àti ibi ìpàdé ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ ni wọ́n ti ń wò ó ní kọ̀rọ̀. Àwọn tó ṣe é fàyè sílẹ̀ láàárín rẹ̀ kí wọ́n lè dá a dúró, kí oníkálukú sọ tẹnu rẹ̀. Lójú wọn, ìjíròrò yẹn gan-an niṣẹ́. Fíìmù kàn ń pe èèyàn jọ ni.

Lẹ́yìn tó di aṣòfin ńkọ́?

Nígbà tí ọrọ̀ ajé Ajẹntínà dojú dé ní 2001, tí aráàlú kò rówó wọn gbà ní bánkì bó ṣe wù wọ́n, Solanas tún gbé kámẹ́rà. "Memoria del saqueo", tó jáde ní 2004, tọpinpin ọ̀ràn náà láti orí gbèsè ìjọba ológun dé orí àwọn iléeṣẹ́ ìjọba tí Menem tà.

Ó du ipò ààrẹ ní 2007, kò rí tó ìbò méjì nínú ọgọ́rùn-ún. Ní 2013, ó wọ ilé aṣòfin àgbà. Níbẹ̀, ní 2018, ó gbè sẹ́yìn àbá tó fẹ́ fàyè gba oyún ṣíṣẹ́, ṣùgbọ́n ìbò 38 tó lòdì sí i borí 31.

Àrùn kòrónà pa á ní Paris lóṣù Kọkànlá ọdún 2020, lẹ́ni ọdún 84. Kò tíì pé oṣù méjì lẹ́yìn náà tí ilé aṣòfin àgbà fi fọwọ́ sí òfin oyún ṣíṣẹ́. Bẹ́ẹ̀ náà ló rí fún "La hora de los hornos": ó di 1973 kí wọ́n tó lè gbé e jáde ní gbangba nílé, nígbà tí àwọn òṣìṣẹ́ tó wò ó ní kọ̀rọ̀ ti jiyàn lé e lórí fún ọdún mélòó kan.