Orúnkún Tó Fara Pa: Ohun Tó Ń Fà Á, Bí A Ṣe Ń Dá A Mọ̀, àti Ìtọ́jú Rẹ̀

  

Ní ìpàdé wa kan lọ́dún tó kọjá, òòró ni mo dúró kí Ìyálọ́jà. Mi ò kúnlẹ̀. Kí ìpàdé tó tú, ọ̀rọ̀ ti dé etí mi. Wọ́n ní akọ̀wé ti gbéra ga nítorí pé ó mọ ìwé kọ. Ìwé mẹ́fà ni mo kà, kí ni mo fẹ́ fi gbéra ga níbẹ̀? Orúnkún mi ni kò ṣeé tẹ̀ mọ́.

Bó ṣe ṣẹlẹ̀ nìyí. Mo fò sílẹ̀ láti ẹ̀yìn ọkọ̀ tó kó àpò gààrí wa. Ẹsẹ̀ ọ̀tún mi rì sínú kòtò, ara mi yí lọ sí ẹ̀gbẹ́ kan, ẹsẹ̀ kò bá a yí. Mo gbọ́ tó dún pà nínú orúnkún. Ilẹ̀ kò tíì ṣú tó fi wú. Èmi náà wá ṣe gbogbo ohun tí kò yẹ. Mo fi omi gbígbóná jó o, mo ní kí wọ́n fi òrí wọ́ ọ kí wọ́n sì fà á, mo ra oògùn àpòpọ̀ lọ́wọ́ oníkiri, ní ọjọ́ kẹta mo tún gbé ẹrù rù. Oṣù mẹ́rin gbáko ni mo fi jókòó sílé. Ẹ̀kọ́ tí mo kọ́ lọ́wọ́ dókítà àti àwọn tó ń fi eré ìdárayá wo eegun ni mo fẹ́ sọ fún yín.

BÍ ORÚNKÚN ṢE RÍ

Eegun itan wá láti òkè, eegun ojúgun wá láti ìsàlẹ̀, eegun pẹlẹbẹ kan sì bo iwájú wọn bí ìdérí. Iṣan mẹ́rin tó le bí okùn ló so eegun itan àti ti ojúgun pọ̀. Ọ̀kan wà ní ẹ̀gbẹ́ inú, ọ̀kan ní ẹ̀gbẹ́ òde, méjì sì dábùú ara wọn nínú. Láàrin eegun méjèèjì, nǹkan rírọ̀ méjì wà tí ó tẹ̀ kọdọrọ bí oṣù tuntun. Òṣùká ni èmi ń pè wọ́n. Bí òṣùká ṣe ń gba orí wa lọ́wọ́ ẹrù, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń gba eegun lọ́wọ́ eegun.

OHUN TÓ Ń FÀ Á

Èkíní ni yíyí. Bí ẹsẹ̀ bá dúró lójú kan tí ara yí, iṣan lè fà tàbí kó já, òṣùká náà lè ya. Ó ń ṣe àwọn tó ń gbá bọ́ọ̀lù gan-an. Ní oṣù keje ọdún 2022, ní Morocco, iṣan ẹ̀gbẹ́ orúnkún Asisat Oshoala fara pa nígbà tí wọ́n bá South Africa gbá, kò sì lè bá wọn parí ìdíje náà. Ṣùgbọ́n ní oṣù keje ọdún 2023, òun náà ló gbá góòlù wọlé Australia ní ìdíje àgbáyé. Iṣan tó fà ń san, bí a bá fún un láyè.

Èkejì ni ìṣubú àti ìkọlù. Ọ̀kadà ló pọ̀ jù níbẹ̀ ní ọ̀nà wa. Orúnkún á fi ilẹ̀ gbá, eegun iwájú lè là tàbí kó yẹ̀ kúrò ní àyè rẹ̀.

Ẹ̀kẹta ni ìlòjù. Àpò ìrẹsì kan jẹ́ 50 kílò. Ẹ wo ẹni tó ń gbé e sókè sódò, tó tún jókòó lórí àpótí kúkúrú láti àárọ̀ dé alẹ́. Bí a bá sì ti ń dàgbà, òṣùká inú á máa gbó. Ó lè ya fún ẹni àádọ́ta ọdún níbi tó ti ń dìde lásán. Ara tó sanra jù náà ń kún ẹrù orúnkún.

BÍ A ṢE Ń DÁ A MỌ̀

Bí ó bá wú láàrin wákàtí díẹ̀, ó lè jẹ́ pé ẹ̀jẹ̀ ló dà sínú rẹ̀, iṣan ńlá ti lè já tàbí kí eegun ti là. Bí ó bá di ọjọ́ kejì kó tó wú, ó lè jẹ́ òṣùká. Bí ó bá há, tí kò ṣeé nà tán, òṣùká tó ya ti lè ká sí àárín. Bí ó bá ń yẹ̀ lábẹ́ ẹni, iṣan ni kí ẹ fura sí.

Ẹ má ṣe dúró sílé bí ẹ kò bá lè gbé ìṣísẹ̀ mẹ́rin, bí orúnkún kò bá ṣeé ká dé ìdajì, bí ẹsẹ̀ bá tutù tàbí kú tipiri, tàbí bí orúnkún bá gbóná tó wú tí ibà sì tẹ̀ lé e. Ẹni tó ti pé ọmọ ọdún 55 tó sì ṣubú lu orúnkún, kó lọ ya fọ́tò eegun. Ẹ̀yin tí orúnkún ń dùn láràárọ̀ láìṣubú, tó ń dún kẹ̀kẹ̀, gbígbó eegun ni tiyín sábà máa ń jẹ́. Ẹ lọ fi han dókítà.

ÌTỌ́JÚ

Ọjọ́ méjì tàbí mẹ́ta àkọ́kọ́ ló ṣe pàtàkì jù. Ẹ sinmi. Ẹ ra omi inú ọ̀rá tó ti dì, ẹ fi aṣọ wé e, ẹ gbé e lé e fún ogún ìṣẹ́jú, ẹ tún un ṣe lẹ́yìn wákàtí méjì tàbí mẹ́ta. Ẹ fi báńdéèjì dì í, kó má fún jù. Ẹ gbé ẹsẹ̀ lé ìrọ̀rí. Ẹ má fi omi gbígbóná jó o, ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni wọ́ ọ tàbí fà á ní ọjọ́ wọ̀nyẹn. Ṣe ló ń mú kí ẹ̀jẹ̀ dà sí i.

Paracetamol lè bẹ́gi dínà ìrora, kó má ju mẹ́jọ oní 500 lójúmọ́ fún àgbàlagbà. Ibuprofen àti diclofenac kò dára fún ẹni tó ní ọgbẹ́ inú tàbí àìsàn kíndìnrín. Ẹni tí ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ ń ru, kó kọ́kọ́ bi dókítà. Ní ti oògùn àpòpọ̀ inú ọkọ̀, ẹ sá fún un. Wọ́n máa ń bá prednisolone tàbí dexamethasone nínú òmíràn. Ìrora á lọ kíá, ṣùgbọ́n ojú á wú, ṣúgà á gòkè, eegun á sì máa rọ.

Mi ò bú àwọn tó ń to eegun, baba mi gan-an lọ sọ́dọ̀ wọn. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí fọ́tò ṣáájú. Igi tí wọ́n bá dì tó fún jù lè pa ẹsẹ̀. Ilé ìwòsàn ìjọba wà ní Ìlaròó, ti ìjọba àpapọ̀ wà ní Ìdí-Àbá l'Abẹ́òkúta, ti eegun sì wà ní Ìgbóbì l'Ékòó láti ọdún 1945, tí wọ́n fi ń tọ́jú àwọn sójà tó fara gbọgbẹ́ lójú ogun.

Bí ìwú bá ti lọ, eré ìdárayá ló kù. Ẹ jókòó lórí àga, ẹ na ẹsẹ̀ kan gbọọrọ, ẹ ka ení dé aárùn-ún, ẹ sọ ọ́ kalẹ̀. Ẹ ṣe é lẹ́ẹ̀mẹ́wàá, láàárọ̀ àti lálẹ́. Iṣan itan tó lágbára ló ń ru orúnkún. Òun ló gbé mi padà sí ìsọ̀ mi.

Àwọn àgbà ní àìtètè mú olè, olè ń mú olóko. Ẹ má fi orúnkún pamọ́ nítorí ọjà. Ìsọ̀ á dúró dè yín, ẹni ìsọ̀ kejì á bá yín wò ó. Ìyálọ́jà náà ti ní kí n kọ ọ́ síbí pé ẹni tí orúnkún ń dùn, kó máa kí òun ní òòró, òun ò kà á sí àfojúdi. Èmi ti ń tẹ̀ ẹ́ díẹ̀díẹ̀ báyìí. Mi ò tíì dé ilẹ̀ tán, ṣùgbọ́n mo ti sún mọ́ ọn.

Èmi ni akọ̀wé yín.